Láwàní Ọba Lẹ́nu Ìkòkò Omi Mi

Kọ ọ́ bí mo ṣe ń sọ ọ́. Má bá mi tún un ṣe, má sì sọ mí di ọ̀mọ̀wé níbi tí n kò ti jẹ́ bẹ́ẹ̀.

Àwọn ọkùnrin mẹ́ta tó wá láti ààfin lọ́jọ́ Àlàmísì tó kọjá, ìwọ lo gbé àga fún wọn, ìwọ náà lo fún wọn ní omi inú ọ̀rá láti inú fíríìjì. O gbọ́ ohun tí wọ́n bá wá. Wọ́n ní àwọn ń to yàrá kan láàfin, níbi tí àwọn máa kó ohun ìní Kábíyèsí tó wàjà sí, kí àwọn ọmọ tí kò mọ̀ ọ́n lè máa wá wò ó. Wọ́n ti rí ọ̀pá ìtìlẹ̀ rẹ̀. Wọ́n ti rí aago rẹ̀ àti tẹ̀súbáà rẹ̀ àti bàtà tó wọ̀ lọ sí Mẹ́kà. Ó wá ku láwàní. Wọ́n ní kò sẹ́ni tí kò mọ̀ nílùú pé láwàní tí Kábíyèsí wé bọ̀ láti Mẹ́kà, ojúlé wa ló wà.

Mo ní kí wọ́n padà wá lọ́jọ́ Àìkú lẹ́yìn ìrun alásárì. Nígbà tí wọ́n lọ tán, mo sọ fún ọ pé láwàní náà kò sí mọ́. Ojú rẹ yí padà. O ní, "Màmá, ẹ jẹ́ ká ra aṣọ funfun kan lọ́jà, ká rẹ ẹ́ sínú omi ewé kó lè dà bí èyí tó ti gbó, ká gbé e fún wọn. Ta ló máa mọ̀?"

N kò bínú sí ọ. O rò pé ojú ló máa tì mí lọ́jọ́ Àìkú. Àmọ́ kí o tó máa bá mi wá aṣọ tí a ó fi bo ìtìjú, kọ́kọ́ gbọ́ bí láwàní náà ṣe dé ọwọ́ mi, àti ohun tó pa á.

Kí wọ́n tó fi í jọba, wolé-wolé ni. Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí ò mọ wolé-wolé. Ọkùnrin tí ìjọba ń sanwó fún ni, pé kó máa wọlé onílé, kó máa wo ẹ̀yìnkùlé, kó máa ṣí ìkòkò omi wò bóyá tańwíjí wà nínú ẹ̀. Ìbàdàn ló ti ṣe é, ó wọ ṣòkòtò kákí péńpé, ó gbé tọ́ọ̀ṣì lọ́wọ́. Bí obìnrin bá gbúròó pé wolé-wolé ti wọ àdúgbò, ìkòkò tí kò fọ̀ láti oṣù kan, á fọ̀ ọ́ kí wọ́n tó pajú pẹ́. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé nígbà tí oyè kan ilé wọn, tí wọ́n ní òun ló kàn, ṣe ni gbogbo ìlú ń rẹ́rìn-ín. Lódò, a máa ń pa á láṣà láàárín ara wa: "Ẹ tètè fọ ìkòkò yín o, Kábíyèsí ń bọ̀ wá wo tańwíjí!"

Mùsùlùmí òdodo ni. Ó mọ kéwú kó tó mọ ìwé, kò sì fi ìkan gbé ìkan sọnù. Ohun àkọ́kọ́ tó ṣe nígbà tó gorí oyè, ihò ṣáláńgá ló gbẹ́ sẹ́yìn ààfin. Kò kọ́ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, kò ra mọ́tò. Ọ̀kan nínú àwọn ìjòyè, baba tí ẹnu rẹ̀ mú bí abẹ, sọ fún un níwájú gbogbo ènìyàn pé, "Kábíyèsí, bí ọba bá jẹ, ìlú a máa fẹ́ mọ ohun tó kọ́kọ́ ṣe. Ṣé ihò ìgbẹ́ la ó wá máa ròyìn tiyín ni?" Ó dá a lóhùn pé, "Baba, ẹ ó lò ó." Kò sì tó oṣù kan tí baba náà fi ń dá ọ̀nà ibẹ̀ mọ̀ nínú òkùnkùn.

Bó ṣe rí nìyẹn. Òun ló ní kí a yéé dọ̀bálẹ̀ fún òun nínú ẹrẹ̀ bí òjò bá rọ̀; a máa ní, "Ẹ dìde, ẹ̀gbin wà nílẹ̀." Òun ló dìde ní mọ́ṣáláṣí lọ́jọ́ Jímọ́ọ̀ kan, tí lèmọ́mù ti parí ọ̀rọ̀ tirẹ̀, tó ní ẹni tó bá ní ọmọkùnrin méjì nílé ìwé tí kò ní ọmọbìnrin kan níbẹ̀, kó má wulẹ̀ wá kí òun. Àwọn ọkùnrin kùn. Àmọ́ ta ló máa fẹ́ kí wọ́n sọ pé òun ò lè kí ọba? Nínú ìkùnsínú yẹn ni ọ̀pọ̀ ọmọbìnrin ìlú yìí ti mọ ìwé. Tèmi ti kọjá. Mo ti bímọ mẹ́rin nígbà náà.

Ohun tó wá ń jà wá jù nígbà náà, sòbìyà ni.

O dá mi dúró níbí. O ní, "Màmá, kí ni sòbìyà?" Mo wò ọ́ títí. Ó dára. Aràn ni. Ó funfun, ó tín-ín-rín bí òwú ìránṣọ, ó lè gùn ju apá mi yìí lọ. Inú ara ló ń gbé. Nígbà tó bá fẹ́ẹ́ yọ, ọrùn ẹsẹ̀ á kọ́kọ́ máa jó ọ bí iná, á lé ròrò, ìwọ á sì sáré lọ ti ẹsẹ̀ bọ omi kó lè tutù. Ibẹ̀ ni ròrò á ti bẹ́, orí aràn á yọ. O ò gbọdọ̀ fà á lẹ́ẹ̀kan. Igi kékeré báyìí ni wọ́n ń wé e mọ́, díẹ̀ lónìí, díẹ̀ lọ́la, fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Bó bá já sínú, ẹsẹ̀ yẹn á wú bí ọ̀dùnkún, ó sì lè rọ ènìyàn. Àsìkò iṣẹ́ oko ló sì máa ń yàn, tí ẹ̀gúsí ti tó ká, tí iṣu ti tó wà. Kò sí ibi tí kò ti ń jà, ní Tápà o, ní Igangan o, ní Èrúwà tí ò ń lọ yẹn. Ilé mìíràn, ọkọ á na ẹsẹ̀ sílẹ̀, ìyàwó á na ẹsẹ̀ sílẹ̀, ọmọ á na ẹsẹ̀ sílẹ̀, ẹni tó máa bu omi fún wọn ò ní sí. Àwọn àgbà ní inú ẹ̀jẹ̀ ló wà, pé kò sẹ́ni tí wọn kò bí i mọ́.

Kábíyèsí ní irọ́ ni, inú omi adágún tí à ń pọn ló wà. Ó bu omi náà sínú ife gíláàsì, ó gbé e sókè sí oòrùn níwájú mọ́ṣáláṣí. A rí nǹkan kéékèèké tó ń ta pọ́n-ún pọ́n-ún nínú ẹ̀. Baba ẹlẹ́nu mímú yẹn ní, "Kábíyèsí, eruku ni." Ó ní, "Baba, eruku wo ló ń jó?"

Oṣù yẹn náà ló pín aṣọ. Ìyàwó ilé kọ̀ọ̀kan gba ọ̀kan. Aṣọ funfun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ni, wọ́n ti rán etí rẹ̀ yípo. Ó ní ká máa ta á sẹ́nu ìkòkò, ká máa da omi tí a bá pọn gba orí ẹ̀, kó lè sẹ́ kòkòrò náà kúrò. Mo kúnlẹ̀, mo fi ọwọ́ méjèèjì gbà á. Nígbà tí mo délé, ìyá ọkọ mi fi ọwọ́ ra á, ó gbé e mọ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́.

Ó ní, "Ṣé irú èyí ni wọ́n ní kí ẹ máa fi sẹ́ ẹrẹ̀? Ìyàwó, ẹni tó bá fún ni láṣọ, ara ẹni ló fẹ́ rí i."

N kò ní purọ́ pé ó fi dandan mú mi. Ó bá mi lára mu. Mo fi ṣe ìborí, mo so ó lábẹ́ àgbọ̀n, ó sì yẹ mí. Èmi nìkan kọ́. Kò sí obìnrin tó bá obìnrin sọ ọ́, àmọ́ orí gbogbo wa pé síbì kan náà: ẹ̀bùn ọba kì í ṣe ohun à ń fi sínú omi ìdọ̀tí. Nígbà tí ọdún Ìtúnu-àwẹ̀ dé, tí gbogbo ìlú lọ sí Yídì, tí Kábíyèsí gbé ojú sókè láti orí ẹní rẹ̀ wo ọ̀dọ̀ àwa obìnrin, ṣe ni ibẹ̀ funfun láti òkè dé ìsàlẹ̀ bí igi tí lékeléke bà lé. Aṣọ asẹ́ omi rẹ̀ ni gbogbo wa wé wá kí i kú ọdún.

Ó wò wá pẹ́. Ó ní, "Ẹ kú ọdún o. Aṣọ yín dára."

Inú wa dùn! A ń sọ ọ́ títí a fi délé pé Kábíyèsí yin aṣọ wa.

Lẹ́yìn ìyẹn ló bẹ̀rẹ̀ sí rìn. Bó bá ti kírun alásárì tán, á mú ọ̀pá, á mú ẹmẹ̀sẹ̀ méjì, àwọn ìránṣẹ́ ààfin, dání, á kàn yà sí ojúlé tó bá wù ú. Á jókòó, á ní, "Ẹ fún mi lómi mu." O gbọ́dọ̀ mọ̀ pé ọba kì í mu omi níta. Bó bá di dandan, ẹmẹ̀sẹ̀ á fi agbádá bò ó kí ojú ẹnikẹ́ni má rí i. Òun wá ń wọlé kiri, ó ń tọrọ omi bí ẹni tí ń ti ọ̀nà oko bọ̀. Àwọn kan ní wolé-wolé àtijọ́ ló tún gbérí nínú ẹ̀. Òun ló mọ ohun tó ń ṣe. Ó ti rí i pé a ò ní sẹ́ omi nítorí ara wa. Ṣùgbọ́n èwo nínú wa ló máa gbé sòbìyà fún ọba mu?

Ọjọ́ Àìkú ni ti wa bọ́ sí. Mo ń múra àsàlátù, mo ti wẹ̀, mo ti fi aṣọ ọba borí. Ìyá ọkọ mi jókòó síta, ó ń bó ẹ̀gúsí. Ìyá rẹ, àkọ́bí mi, tí kò ju ọmọ ọdún mẹ́jọ lọ nígbà náà, ń kó èèpo rẹ̀ jọ. Ṣàdédé ni mo gbọ́ ohùn ọkùnrin: "Ẹ kú ilé o. Oòrùn yìí mú o. Ẹ fún mi lómi mu."

Ìyá ọkọ mi fò dìde, ẹ̀gúsí dànù sílẹ̀. Ó sáré wọ yàrá, ó mú ife tánganran tí kì í jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn, ó bu omi láti inú ìkòkò, ó kúnlẹ̀, ó gbé e fún ọba. Èmi ni mo sì pọn omi náà láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Mo wọ adágún dé orúnkún kí n tó bù ú. N kò sẹ́ ẹ. Ẹmẹ̀sẹ̀ ti na agbádá sókè. Kábíyèsí ti na ọwọ́ sí ife. Ọmọ mi, bí mo bá dákẹ́, á mu ún, á lọ, ìyìn á sì jẹ́ tiwa ládùúgbò. N kò mọ ìgbà tí ẹnu mi là.

"Ẹ má mu ún, Kábíyèsí!"

Ṣé o mọ ohun tó túmọ̀ sí kí ènìyàn sọ fún ọba pé kó má mu omi? Májèlé ni. Ọ̀kan nínú àwọn ẹmẹ̀sẹ̀ ti gbá mi lọ́wọ́ mú. "Kí lo fi sí i? Sọ ọ́! Kí lo fi sí i?" Ìyá ọkọ mi ti ń fi orí gbálẹ̀: "Yéè, ó ti pa mí! Kábíyèsí, èmi kọ́ o! Ìyàwó tí ọmọ mi fẹ́ ni o! Mo ti sọ fún un kó má fẹ́ ẹ!"

Kábíyèsí ní, "Fi í sílẹ̀. Ìyàwó, kí ló wà nínú omi?"

Mo ní, "Sòbìyà ni, Kábíyèsí. N kò sẹ́ ẹ."

"Aṣọ tí mo fún ọ ńkọ́?"

Mo kàn gbé ọwọ́, mo fi kan orí mi.

Ó wò mí, ó wo orí mi, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di òpó mú. Ó ní, "Ó dára. Tú u, kí o wá fi sẹ́ omi yìí fún mi."

Mo gbé ọwọ́ sí kókó rẹ̀ lábẹ́ àgbọ̀n. Ibẹ̀ ni ọwọ́ mi dúró sí. Adélébọ̀ Mùsùlùmí, kí n ṣí orí sílẹ̀ gbayawu níwájú ọba àti ọkùnrin méjì? Irun mi ò tilẹ̀ di. Ó rí i. Kíá ló gbé ojú kúrò lára mi, ó kọjú sí ògiri.

"Rárá, rárá, má tú u. Èmi ni mo ṣì í sọ."

Òun fúnra rẹ̀ wá gbé ọwọ́ sí orí ara rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí tú láwàní. Láwàní Mẹ́kà. Ẹmẹ̀sẹ̀ tó di ọwọ́ mi mú lẹ́ẹ̀kan kígbe pé, "Kábíyèsí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin alára! Kì í ṣe láwàní!"

Ó ní, "Aṣọ ni. Ó ti rí Kaaba, ẹ jẹ́ kó rí sòbìyà."

Fìlà pẹlẹbẹ ló kù sí i lórí. Ó ká láwàní sí mẹ́rin, ó di etí kan mú lórí agbada amọ̀ tí mo gbé wá, èmi di etí kejì mú, ìyá ọkọ mi ń da omi sí i. Kábíyèsí pe ìyá rẹ, ó ní, "Ọmọbìnrin, wá wo ohun tí ò ń mu." A jọ bẹ̀rẹ̀ wò ó. Ẹrẹ̀ wà lórí aṣọ náà, ewé jíjẹrà wà níbẹ̀, nǹkan kéékèèké sì ń ta pọ́n-ún láàárín wọn. Ó wá bu èyí tó mọ́. Ẹmẹ̀sẹ̀ na agbádá sókè. Ó ní, "Ẹ sọ ọ́ kalẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ọmọ yìí rí i bí mo ṣe ń gbé e mì." Ó mu ún tán lójú wa. Ìyá ọkọ mi fi ọwọ́ bojú.

Nígbà tó ń dìde lọ, mo na láwàní tútù náà sí i. Kò gbà á. Ó ní, "Èyí tó wà lórí rẹ, máa wé e lọ sí àsàlátù. Eléyìí ni kí o máa fi sẹ́ omi."

O lè rò pé wàhálà parí níbẹ̀. Ibẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀. Mo ta láwàní sẹ́nu ìkòkò, ìyá ọkọ mi tú u. Ó fọ̀ ọ́, ó fi lọ́fíńdà sí i, ó tì í mọ́ inú àpótí rẹ̀. Ó ní, "Aṣọ tó ti yí Kaaba po! Àlùbáríkà tó yẹ kó bí ọmọ àti owó fún wa, o fẹ́ẹ́ fi sẹ́ ẹrẹ̀?" Àṣìṣe àkọ́kọ́ náà ni, a tún ń ṣe é lẹ́ẹ̀kejì! Bó bá lọ sókè odò, n ó yọ ọ́ nínú àpótí, n ó ta á padà. Bí mo bá lọ sóko, á tú u. Ọkọ mi ní òun ti gbọ́ ti àwa méjèèjì, ó gbé ọkọ́, ó gba oko lọ. Nígbà tó yá, mo ní bí láwàní bá tún kúrò lẹ́nu ìkòkò, n kò ní pọn omi mọ́, kí àlùbáríkà máa pọn ọ́n. Ó fi í sílẹ̀, ṣùgbọ́n kò bá mi sọ̀rọ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀.

Ọdún kejì ni sòbìyà mú ìyá rẹ.

Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ilé ìwé ni, nítorí ọ̀rọ̀ tí Kábíyèsí sọ ní mọ́ṣáláṣí. Yunifọ́ọ̀mù rẹ̀ ṣì ń rùn bí aṣọ tuntun. Ọrùn ẹsẹ̀ ọ̀tún ni. Ó sunkún jíjó rẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, kó tó yọ orí. Láràárọ̀, bí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ bá ń kọjá lọ sílé ìwé, á fi ìdí wọ́ dé ẹnu ọ̀nà, á máa wò wọ́n. Mo ń wé aràn náà mọ́ igi díẹ̀díẹ̀ kó má lọ já. Wọ́n ní ẹlòmíràn, bó bá já sí i lára, kì í fi ẹsẹ̀ yẹn rìn dáadáa mọ́. Ìyá ọkọ mi dúró lé mi lórí.

Ó ní, "Ṣé o rí i? Láti èṣí lo ti ń fi láwàní Kábíyèsí nu ẹrẹ̀. Sòbìyà ò sì mọ̀ pé ọba ló ni ín."

Mo tú láwàní lẹ́nu ìkòkò, mo ká a, mo gba ààfin lọ. Ẹsẹ̀ mi ò kan ilẹ̀. Mo kúnlẹ̀, mo gbé e sílẹ̀ níwájú rẹ̀. Mo ní, "Kábíyèsí, ẹ gba ohun yín. Mo sẹ́ omi títí ọwọ́ mi fi bó. Ọmọ mi wà nílẹ̀."

Kò bínú. Ó ní, "Ó ti tó oṣù mélòó tí mo wá sílé rẹ?"

Mo kà á. Mo ní, "Oṣù mẹ́wàá, Kábíyèsí."

"Ẹ̀gúsí tí o bá gbìn lónìí, ṣé ọ̀la ni wàá ká a?"

"Rárá."

"Sòbìyà náà, ó máa ń fẹ́rẹ̀ẹ́ pé ọdún kan nínú ara kó tó yọ. Èyí tó wà lẹ́sẹ̀ ọmọ rẹ, ìwọ lo gbìn ín, nígbà tí aṣọ mi wà lórí rẹ."

Kò fi oyin sí i. Mo sunkún, ó sì jẹ́ kí n sun ún. Mo rántí gbogbo ìgbà tí mo bu omi fún ọmọ náà pẹ̀lú ọwọ́ ara mi, tí ìborí funfun wà lórí mi, tí mo rò pé mo dára. Nígbà tí mo nu ojú tán, ó ti láwàní náà padà sọ́dọ̀ mi.

Ó ní, "Mú un lọ. Máa sẹ́ ẹ. Bí ẹyọ sòbìyà kan bá yọ lójúlé rẹ lọ́dún tó ń bọ̀, ìbáà jẹ́ lẹ́sẹ̀ ìyá ọkọ rẹ, èmi fúnra mi ni n ó wá fi ọwọ́ mi gbá ilẹ̀ ibẹ̀."

Mo ní, "Bí kò bá yọ ńkọ́?" Ẹmẹ̀sẹ̀ ranjú mọ́ mi.

"Bí kò bá yọ, n ó wá mu omi nílé rẹ, n kò sì ní béèrè bóyá o sẹ́ ẹ."

Ó kéré lójú rẹ? Lójú tèmi, kò sí ohun tó tóbi tó o. Ilé tí wọ́n ti sọ fún ọba pé kó má mu omi ni ilé wa. Wọ́n ń nàka sí wa. Mo fẹ́ kó wá mu ún láìbéèrè. Mo sì fẹ́ kí àwọn àbúrò ìyá rẹ rin ẹsẹ̀ wọn lọ sílé ìwé.

Sòbìyà ìyá rẹ jáde tán láìjá. Ó padà sílé ìwé, ó ń tiro díẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀. Mo sẹ́ omi lójoojúmọ́ ayé. Láràárọ̀ tí mo bá ń wẹ̀ fún àwọn ọmọ, mo máa ń fọwọ́ tẹ ẹsẹ̀ wọn wò ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ìyá ọkọ mi ra ọwọ̀ tuntun lọ́jà Tápà, ó fi kọ́ ògiri. Ó ní kí ọba má wá bá ọwọ̀ gbígbó nílé òun. Nígbà ìkórè ẹ̀gúsí, ó kígbe lọ́jọ́ kan pé gìgísẹ̀ ń jó òun, pé ó ti dé, kí wọ́n lọ pe Kábíyèsí wá. Mo sáré gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ lé itan. Ẹ̀gún ni. Mo yọ ọ́, mo fi hàn án. Ó wò ó, ó wò mí, ẹ̀rín pa àwa méjèèjì. Láti ìgbà ọ̀rọ̀ láwàní, a ò tíì jọ rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, mo ti ọ̀nà odò dé láàárọ̀ kan, mo bá a tó ń da omi gba orí láwàní, ó ń fi ọwọ́ gbọn ìdọ̀tí rẹ̀ nù jẹ́jẹ́. Mo ṣe bí ẹni tí kò rí i.

Ọdún pé. Kò sí ẹyọ kan. Ẹ̀ẹ̀rùn kọjá, ojúlé wa ò na ẹsẹ̀ sílẹ̀.

Kábíyèsí dé lọ́jọ́ Àìkú, lẹ́yìn alásárì. Ó jókòó. Ó ní, "Ẹ fún mi lómi mu." Ìyá ọkọ mi ló bù ú, ife tánganran yẹn náà. Ọba gbà á, kò wo inú rẹ̀, kò bi mí ní ìbéèrè. Ó gbé e mì. Ó ní, "Omi yìí tutù."

Ìyá ọkọ mi ní, "Kábíyèsí, ọwọ̀ tí mo rà ńkọ́?"

Ó ní, "Ìyá, ẹ fi gbálẹ̀ dè mí. N ó tún padà wá."

Ó padà wá lóòótọ́, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan. Ó lọ sí Ìbàdàn títí, ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà àwọn ìjọba títí wọ́n fi wá gbẹ́ kànga ẹlẹ́rọ tí à ń fọwọ́ fà sẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́ṣáláṣí àti sọ́jà. Ọjọ́ tí omi rẹ̀ kọ́kọ́ dà, òun ló fi ọwọ́ ara rẹ̀ fà á, agbádá rẹ̀ rin gbingbin. Ó ti darúgbó nígbà náà. Mo ṣì lè rí i bó ṣe ń bọ̀ lójú pópó ní ìrọ̀lẹ́, tí ọ̀pá rẹ̀ ń kan ilẹ̀ kó, kó, kó, tí àwọn obìnrin ń pe ara wọn láti ojúlé dé ojúlé: "Ọba ń bọ̀ o, ṣé o ti sẹ́ omi?" Ó dùn láti máa gbọ́ ọ. Nísinsìnyí tí mo bá jókòó síta lásìkò yẹn, ọ̀kadà ló ń kọjá.

Nígbà tó wàjà, aṣọ funfun tí wọ́n fi ń wé mẹ̀kúnnù ni wọ́n fi wé e, bó ṣe ní kí wọ́n ṣe. Lọ́jọ́ yẹn, ó wù mí kí láwàní ṣì wà, kí n gbé e lọ fún wọn. Kò sí mọ́. Aṣọ tí ń rin lójoojúmọ́, tí ń gbẹ lójoojúmọ́, ọdún mélòó ló fẹ́ lò? Àárín rẹ̀ ló kọ́kọ́ lu. Sòbìyà á gba ojú ihò kọjá, nítorí náà mo ká a kí ihò náà lè bò. Ó tún lu níbòmíràn. Nígbà tí kò ṣeé ká mọ́, mo ṣí àpótí, mo mú ìborí mi àkọ́kọ́ jáde, aṣọ tí Kábíyèsí pín yẹn, mo ta á sẹ́nu ìkòkò níkẹyìn. Èyí tó kù lára láwàní, mo fi nu ìkòkò, ó di fọ́nrán, ó tán. N kò tọ́jú rẹ̀ kankan. Iṣẹ́ tó rán mi ni mo fi ṣe.

Nítorí náà, má bá mi ra aṣọ kankan lọ́jà. Mo ti wé aṣọ tí kò yẹ kí n wé lọ sí iwájú ọba yẹn rí, n kò ní ṣe é lẹ́ẹ̀kejì nígbà tí kò sí láyé mọ́. Bí àwọn ọkùnrin náà bá dé lọ́jọ́ Àìkú, ka èyí fún wọn. Bí wọ́n bá ní ohun tí ojú rí làwọn ń wá, pe ìyá rẹ kó na ẹsẹ̀ méjèèjì: ọ̀tún ní àpá, òsì ò ní. Kí àwọn àbúrò rẹ̀ mẹ́ta náà na tiwọn, kí wọ́n wá àpá níbẹ̀ títí. Lẹ́yìn náà kí ìwọ náà na tìrẹ, ìwọ ọmọ Ìbàràpá tó dàgbà tó yìí, tó ń kàwé ní Èrúwà, tó jókòó tì mí láàárọ̀ yìí tó ní, "Màmá, kí ni sòbìyà?" Ibẹ̀ ni láwàní Kábíyèsí wà. Bí yàrá wọn bá gbà á, kí wọ́n gbé e lọ.

Ó tó báyìí, ọ̀fun mi ti gbẹ. Lọ bu omi wá fún mi nínú ìkòkò. Mo mọ̀ pé omi ẹ̀rọ ni. Sẹ́ ẹ kí o tó gbé e wá.